Ọjọ́ Tí Mo Lọ Béèrè Ọ̀rọ̀ Igbó Lọ́wọ́ Dókítà

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun kan wà tí n ò lè gbàgbé títí wọ́n á fi gbé mi lọ sin sí Ṣakí. Bí mo bá jókòó jẹ́ẹ́ nídìí ẹ̀rọ ìránṣọ mi, tí ọjọ́ náà bá sọ sí mi lọ́kàn, ojú á tì mí, ẹ̀rín á sì tún máa pa mí. Àwọn tó gbọ́ díẹ̀ nínú ìtàn náà ti fi tiwọn kún un, débi pé ẹnìkan ní Bódìjà bi ìyàwó mi bóyá lóòótọ́ ni mo ń gbin igbó sẹ́yìn ilé. Irọ́ ni o. Ẹ̀fọ́ ṣọkọ̀ ni mo gbìn sẹ́yìn ilé, ewúrẹ́ sì ti jẹ ẹ́ tán. Ẹ jẹ́ kí n sọ ọ́ bó ṣe ṣẹlẹ̀ gan-an, kí ẹ lè fi mí rẹ́rìn-ín láìṣe pé ẹ purọ́ mọ́ mi.

Télọ̀ ni mí. Ó ti lé lọ́gbọ̀n ọdún tí mo ti ń rán aṣọ ọkùnrin ní Agbowó, nínú ṣọ́ọ̀bù kan tó wà láàárín àwọn tó ń ṣe fọ́tòkọ́pì àti ìyá kan tó ń ta ìrẹsì fún àwọn akẹ́kọ̀ọ́. Díákónì tún ni mí ní ìjọ Onítẹ̀bọmi wa. Àwọn ọmọ yunifásítì tó ń gbé lágbègbè yẹn mọ̀ mí bí ẹni mowó, kì í sì í ṣe nítorí aṣọ nìkan. Ògiri kan wà lẹ́yìn ṣọ́ọ̀bù mi tí wọ́n máa ń fara tì láti mu igbó. Èmi ni mo fi ọ̀dà pupa kọ ọ́ sára ògiri náà pé, IGBÓ MÍMU LÉÈWỌ̀ NÍBÍ, ÀṢẸ ONÍLÉ. N kì í ṣe onílé. Bí mo bá ti gbóòórùn rẹ̀ báyìí, màá gbé igi tí mo fi ń fa ìlà, màá sì lé wọn títí dé ojú títì, màá máa bi wọ́n bóyá wọn ò ní bàbá nílé ni. Gbogbo àdúgbò ló mọ̀ pé bí ọ̀tá bá wà tí igbó ní nílẹ̀ Ìbàdàn, èmi ni.

Àtọ̀gbẹ ló ń bá mi fínra. Ṣúgà náà fúnra rẹ̀ kò fi bẹ́ẹ̀ dà mí láàmú, àfi ẹsẹ̀. Àtẹ́lẹsẹ̀ mi bẹ̀rẹ̀ sí í gbóná bí ẹni pé mo tẹ eérú iná, ó sì tún máa ń ta mí wìn-ìn láti ọmọ ìka dé kókósẹ̀. N kì í rí oorun sùn mọ́. Ẹ sì mọ̀ pé ẹsẹ̀ ni télọ̀ bíi tèmi fi ń jẹun. Ẹ̀rọ mi kì í ṣe oníná, ẹsẹ̀ ni mo fi ń tẹ̀ ẹ́, n ò sì fẹ́ràn oníná yẹn torí ó máa ń sáré ju ojú mi lọ. Bí mo bá tẹ̀ ẹ́ díẹ̀, màá bọ́ bàtà, màá ki ẹsẹ̀ bọ inú ike omi tútù, màá tún yọ ọ́ jáde, màá tún tẹ̀ ẹ́ díẹ̀. Aṣọ tí mo fi ń parí ní ọjọ́ méjì wá ń gbà mí ní ọ̀sẹ̀ kan. Mo ti bẹ̀rẹ̀ sí í ronú ẹni tí màá ta ẹ̀rọ náà fún. Ìyẹn gan-an ló ń dùn mí ju ẹsẹ̀ lọ, nítorí n ò mọ iṣẹ́ mìíràn, n ò sì fẹ́ di ẹni tí àwọn ọmọ rẹ̀ ń bọ́.

Àbúrò mi obìnrin tó wà ní Kánádà, tó ń tọ́jú àwọn arúgbó níbẹ̀, ló dá ọ̀rọ̀ sílẹ̀. Mo ń ráhùn ẹsẹ̀ fún un lórí fóònù ni ó bá ní, "Bọ̀ọ̀dá mi, níbí o, àwọn dókítà máa ń kọ òróró kan fún àwọn tí iṣan bá ń dà láàmú. Inú ìgò kékeré ló máa ń wà. Wọ́n á kán an sábẹ́ ahọ́n."

"Òróró kí ni?"

"Igbó ni."

Mo pa fóònù náà. Nígbà tó yá mo pè é padà, mo ní nẹ́tíwọ̀kì ni. Ẹ̀rín ló ń rín. Ó kìlọ̀ fún mi pé n ò gbọ́dọ̀ lọ ra ohunkóhun lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni, kí n ṣáà béèrè lọ́wọ́ dókítà mi. "Kò sí ẹ̀ṣẹ̀ nínú ìbéèrè, Bọ̀ọ̀dá mi." Ẹni tó wà ní Kánádà ló lè sọ bẹ́ẹ̀. Kò sí ẹni tó máa rí i lójú títì kó ní, "Ẹ ẹ̀ rí díákónì tó ń wá igbó?"

Ọmọbìnrin ni dókítà mi, kò ju àkọ́bí mi lọ. Ilé ìwòsàn aládàáni kan ní Ring Road ló ti ń ṣiṣẹ́, oṣù méjì méjì ni mo sì máa ń lọ rí i. Nígbà tí ọjọ́ mi pé, mo tún ọ̀rọ̀ náà sọ lábẹ́lẹ̀ nínú takisí láti Mọ́kọ́lá títí a fi kọjá Dùgbẹ̀, débi pé obìnrin tó jókòó tì mí rò pé àdúrà ni mò ń gbà, ó ń bá mi ṣe àmín. Mo dé iwájú dókítà tán, gbogbo rẹ̀ fò lọ. Ohun tí mo gbọ́ tí ẹnu mi ń sọ ni pé, "Dókítà, ṣé ewé kan ò sí... ewé tí àwọn èèyàn kan máa ń... tó lè ranni lọ́wọ́?"

Ó gbé bírò sílẹ̀. "Bàbá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má mu àgbo o."

"N ò mu àgbo, Dókítà. Onítẹ̀bọmi ni mí."

N ò mọ ohun tí Onítẹ̀bọmi ń wá nínú ọ̀rọ̀ àgbo, ṣùgbọ́n ohun tó jáde lẹ́nu mi nìyẹn. Ó mú mi lọ sídìí àwòrán kan lára ògiri, ó sì fi bí àgbo ṣe ń ba kíndìnrín jẹ́ hàn mí. Mo ń mi orí bí alángbá. Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀, mo sì padà sílé pẹ̀lú ẹsẹ̀ mi tó ń jó.

Nígbà tó di oṣù méjì lẹ́yìn rẹ̀, mo ti pinnu pé ohun tí ẹnu ò bá lè sọ, ọwọ́ á kọ ọ́. Mo ya ewé kan nínú ìwé tí mo fi ń kọ ìwọ̀n aṣọ, mo sì kọ ọ́ síbẹ̀ pé: "Dókítà, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má bínú. Ẹsẹ̀ mi ni. Ṣé igbó lè wò ó? Ẹ jọ̀ọ́, tí ẹ bá kà á tán kí ẹ fa ìwé yìí ya." Mo tún wá fọwọ́ sí i nísàlẹ̀, bí òmùgọ̀.

Ẹ jẹ́ kí n ṣàlàyé bí iṣẹ́ wa ṣe rí. Tí télọ̀ bá wọn èèyàn tán, á kọ ìwọ̀n rẹ̀ sínú bébà, á fi píìnì gún un mọ́ aṣọ náà. Bébà yẹn kò gbọ́dọ̀ kúrò lára aṣọ títí olówó rẹ̀ á fi gbà á, kí ṣòkòtò ẹni kan má bàa lọ sílé ẹlòmíràn. Ní àárọ̀ ọjọ́ tí mò ń lọ sí Ring Road, mo ní aṣọ kan tí mo fẹ́ já sílẹ̀ ní Bódìjà lójú ọ̀nà. Aṣọ Bàbá Alága ni, ìyẹn alága gbogbo àwa díákónì. Mo yọ bébà rẹ̀ láti fi tépù yẹ ọrùn bùbá náà wò lẹ́ẹ̀kan sí i, mo gbé e sórí tábìlì lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìwé dókítà. Ibẹ̀ ni ẹsẹ̀ mi ti gbaná. Mo sáré ki ẹsẹ̀ bọ omi, mo sáré nù ún, mo sáré gún bébà mọ́ aṣọ, mo ká èkejì sínú àpò àyà mi. Mo já aṣọ sílẹ̀ fún ìyàwó Bàbá Alága lẹ́nu ọ̀nà, ó di Ring Road.

Nígbà tí mo jókòó síwájú dókítà, tí a kí ara wa tán, mo na bébà náà sí i, mo sì dorí kodò. N ò lè wo ojú rẹ̀. Ó kà á, ó tún un kà.

"Bàbá, ta ni ọrùn rẹ̀ jẹ́ mẹ́tàdínlógún?"

Mo gbórí sókè. Ìwọ̀n Bàbá Alága ni mo fún un. Ó yí bébà náà padà bóyá nǹkan wà lẹ́yìn rẹ̀. "Ìbàdí, mẹ́rìnlélógójì. Ṣé ẹ fẹ́ kí n rán aṣọ ni?"

N ò rántí èsì tí mo fọ̀. Mo mọ̀ ṣáá pé mo jáde nínú yàrá yẹn kí ó tó parí ohun tó ń kọ, mo kàn gbọ́ tí ó ń pè mí pé kí n padà wá ní ọjọ́ Ìṣẹ́gun tó ń bọ̀ wá gba èsì ẹ̀jẹ̀ mi. Mo dá gba odindi takisí kan padà sí Bódìjà. Ìyàwó Bàbá Alága rẹ́rìn-ín músẹ́ sí mi lẹ́nu ọ̀nà. Ó ní Bàbá ti wọ aṣọ náà lọ sí ìpàdé, pé ó bá wọn mu gan-an.

Ẹ má bi mí bí mo ṣe lo ọjọ́ yẹn. Bàbá Alága ló máa ń ka orúkọ ẹni tí wọ́n bá dá dúró nínú ìjọ. Wọn kì í lo makirofóònù. Wọ́n ti ju ẹni ọdún márùndínlọ́gọ́rin lọ, síbẹ̀ bí wọ́n bá dúró sórí pẹpẹ tí wọ́n ní "Ìjọ Ọlọ́run", àwọn tó wà níta lẹ́bàá ọkọ̀ á gbọ́. Mo ń wo ara mi tí wọ́n ń fi ohùn yẹn ka orúkọ mi.

Ní àárọ̀ ọjọ́ kejì, Bàbá Alága dé ṣọ́ọ̀bù mi. Wọ́n wọlé, wọ́n wo ọ̀tún, wọ́n wo òsì, wọ́n sì yọ bébà náà jáde nínú Bíbélì.

"Díákónì."

"Sà."

"Ìwọ lo kọ èyí?"

Mo wo bébà náà bí ẹni tí kò rí bébà rí. Ìfọwọ́sí mi ń wò mí padà. "Èmi ni, sà."

Wọ́n fa àga sún mọ́ mi. Wọ́n jókòó díẹ̀díẹ̀, wọ́n di etí tábìlì mú. Mo ti ń to ọ̀rọ̀ ẹ̀bẹ̀ sílẹ̀ nínú mi. Bàbá rẹ ohùn wọn sílẹ̀, ìyẹn ni pé ìyá onírẹsì nìkan ló gbọ́ ọ.

"Wọ́n ní ó ń wo ẹsẹ̀?"

"Wọ́n ní ó ṣeé ṣe, sà. Ní Kánádà."

"Orúnkún ńkọ́?"

N ò tètè lóye. Bàbá bá jẹ́wọ́ fún mi pé ó ti lé lọ́dún méjì tí orúnkún àwọn méjèèjì kò ti jẹ́ kí àwọn kúnlẹ̀. Nígbà tí gbogbo ìjọ bá kúnlẹ̀ gbàdúrà, tí a bá rí wọn lórí ìdúró, a máa ń rò pé ẹ̀mí ló bà lé wọn. Orúnkún ni. Wọn ò sọ fún ìyàwó wọn pàápàá. Bí mo ṣe ń gbọ́ ọ, àánú wọn ṣe mí, ara sì tún tù mí lọ́nà tí kò yẹ kó tu díákónì.

"Irú ọ̀rọ̀ báyìí," Bàbá ní, "kì í ṣe ohun tí èèyàn ń dá lọ sọ. O nílò alágbàwí. Èmi ni màá bá ọ lọ. Ìwọ ṣáà jókòó kí o máa wolẹ̀."

Ó yẹ kí n sọ pé rárá. Ṣùgbọ́n níbi tí wọ́n ti tọ́ mi, tí èèyàn bá fẹ́ tọrọ ìyàwó, ó ní alágbàwí, tí ó bá fẹ́ bẹ onílé, ó ní alágbàwí. Kò sí ẹni tó sọ fún mi pé dókítà kò sí lára wọn. Mo dọ̀bálẹ̀, mo dúpẹ́.

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun náà wá dé. Yàrá ìdúró kún fọ́fọ́. Àwọn aláìsàn jókòó sórí bẹ́ǹṣì gígùn, fáànù ń yí lókè. Bàbá wọ aṣọ tuntun tí mo rán, wọ́n fi ọ̀pá rìn lọ bá nọ́ọ̀sì tó ń gba káàdì. Mo wà lẹ́yìn wọn, mo ń wolẹ̀ bí wọ́n ṣe ní kí n ṣe.

"Ẹ káàárọ̀ sà, Bàbá. Kí ló ń ṣe yín?"

"Èmi kọ́ o, ọmọ mi. Díákónì mi yìí ni." Ohùn pẹpẹ ni wọ́n lò. "Ọ̀rọ̀ igbó ló gbé wá."

Ọkùnrin tó wà ní ìpẹ̀kun bẹ́ǹṣì gbé báàgì rẹ̀ kúrò lẹ́gbẹ̀ẹ́ ibi tí mo fẹ́ jókòó sí. Nọ́ọ̀sì wò mí láti orí dé ẹsẹ̀, ojú rẹ̀ sì rọ̀. Ó fọwọ́ kàn mí léjìká.

"Ẹ má jẹ́ kí ojú tì yín, sà. Ó ṣeé fi sílẹ̀." Ó yíjú sí Bàbá. "Láti ìgbà wo ni wọ́n ti ń mu ún?"

"Kò tíì mu ún," Bàbá dá a lóhùn. "Ó fẹ́ bẹ̀rẹ̀ ni."

Ẹ̀rín bú sẹ́yìn mi. Mo yí padà láti máa lọ sílé, tí mo bá dé ilé kí n ta ẹ̀rọ, kí n kó lọ sí Ṣakí. Ẹsẹ̀ kò gbà fún mi. Ó ta mí bí ìgbà tí iná mọ̀nàmọ́ná bá gbé èèyàn, mo sì jókòó gbì sáàárín àwọn tó ń fi mí rẹ́rìn-ín.

Alhaja kan ló gbà mí sílẹ̀. Ó ti dàgbà, ó fi ìborùn funfun bo orí. "Ẹ má fi wọ́n ṣe yẹ̀yẹ́," ó ní. "Ẹ ò rí bí wọ́n ṣe jókòó ni? Ẹni tí ara ń ro, kò sí ohun tí kò lè béèrè." Ó wá tẹ̀ sún mọ́ mi, ó rẹ ohùn sílẹ̀. "Bàbá, tí wọ́n bá dá yín lóhùn, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi béèrè fún èjìká."

Awakọ̀ kan lẹ́yìn wa ní ẹ̀yìn ni tiẹ̀. Ọkùnrin tó gbé báàgì tún gbé e padà wá, ó ní ìyá òun kì í sùn, pé òun náà ti gbọ́ nípa òróró igbó, ẹnu ni òun ò mọ bí òun ṣe máa yà. Mo ń wò wọ́n lọ́kọ̀ọ̀kan. Èmi tí mo rò pé èmi nìkan ni mo ń gbé irú ìbéèrè yìí kiri gbogbo Ìbàdàn.

Wọ́n pe orúkọ mi. Bí a ṣe wọlé, Bàbá bọ́ fìlà. Wọ́n kí dókítà kú iṣẹ́, wọ́n kí i kú ìtọ́jú, wọ́n gbàdúrà fún ọkọ rẹ̀, wọ́n gbàdúrà fún ọmọ tó máa gbẹ̀yìn rẹ̀. Dókítà ń ṣe àmín, ó ń wo aago.

"Dókítà, ẹ̀bẹ̀ la bẹ̀ wá," Bàbá ní. "Ọmọ kì í mọ ẹ̀kọ jẹ kó má ra á lọ́wọ́."

"Kí ni wọ́n ṣe, Bàbá?"

"Kò tíì ṣe nǹkan kan."

Dókítà wò mí. Mo ń wolẹ̀. Bàbá rò pé ẹ̀bẹ̀ náà kò tíì wọlé dáadáa, wọ́n bá ju ọ̀pá sílẹ̀, wọ́n ní àwọn máa kúnlẹ̀. Kí n tó pariwo, orúnkún ọ̀tún ti dé ilẹ̀, ti òsì sì há sí agbede méjì. Bàbá kò lè lọ sísàlẹ̀, wọn ò lè padà sókè. Èmi di abẹ́ apá kan mú, dókítà sáré wá di èkejì mú, Bàbá ń ké "Jésù, Jésù". Níbẹ̀, tí mo gbé alága wa dání, tí ojú èmi àti dókítà fẹ́rẹ̀ẹ́ kanra lókè orí wọn, ni ọ̀rọ̀ náà bọ́ lẹ́nu mi.

"Dókítà, igbó ni. Ẹsẹ̀ mi ń pa mí. Ṣé igbó lè wò ó?"

Ó ní, "Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ gbé Bàbá jókòó."

A gbé wọn sórí ibùsùn àyẹ̀wò. Dókítà padà sórí àga rẹ̀. Mo ń dúró de ẹ̀rín, tàbí kó pe agbófinró. Kò ṣe ọ̀kankan.

"Bàbá, ẹ ò ṣẹ ẹnikẹ́ni," ó ní. "Ní àwọn ìlú kan lókè òkun, wọ́n máa ń lò ó fún irú ìrora yìí. Ó ń ran àwọn kan lọ́wọ́, àwọn mìíràn ò sì rí nǹkan kan gbà nínú rẹ̀. Níbí, òfin ò fàyè gbà á, n ò lè kọ ọ́ fún yín. Èyí tí wọ́n sì ń tà káàkiri, ẹ má dán an wò. Kò sẹ́ni tó mọ ohun tí wọ́n pò mọ́ ọn, ó sì lè bá oògùn tí ẹ ń lò jà."

Bẹ́ẹ̀ ni ọ̀rọ̀ tí mo gbé kiri fún oṣù mẹ́rin ṣe parí láàárín ìṣẹ́jú kan. Ara tù mí, ọkàn mi sì tún bàjẹ́, torí ìdáhùn náà kò tu ẹsẹ̀ mi. Ṣùgbọ́n ó ti fa fáìlì mi jáde.

"Ohun tí kò yé mi ni ìdí tí ẹ fi ń wá a. Ẹ ẹ̀ rí i? Nígbà tí ẹ wá lóṣù kejì, mo béèrè pé ẹsẹ̀ ńkọ́, ẹ ní a dúpẹ́. Lóṣù kẹrin, ẹ ní a dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run. Lóṣù kẹfà, ẹ ní kò burú, ẹ tún bi mí pé àwọn ọmọ ńkọ́. Mo kọ ọ́ síbí pé ẹsẹ̀ yín kò ní wàhálà kankan."

"Dókítà," mo ní, "mo rò pé ẹ ń kí mi ni."

Ó kọ́kọ́ wò mí. Lẹ́yìn náà ó fi fáìlì bo ojú, mo rí i tí èjìká rẹ̀ ń mì. Ṣé ẹ̀bi mi ni? Nílé wa ní Ṣakí, bí ẹnìkan bá béèrè ara rẹ, a dúpẹ́ ni wàá fi dá a lóhùn, ìbáà jẹ́ pé orí rẹ ti ń bọ́ lọ. O ò ní da ẹrù àìsàn rẹ lé ẹni tó kí ọ lórí. Dókítà ní kí n fi ìrora náà sí òṣùwọ̀n mẹ́wàá, kí ni màá fún un. Mo ní márùn-ún, kó má dà bí ẹni pé mò ń ráhùn. Láti orí ibùsùn, Bàbá ní, "Irọ́ ni. Mo rí i tí ó bọ́ bàtà nídìí tábìlì Olúwa." Mo yí i sí mẹ́sàn-án.

Dókítà ní kí n bọ́ bàtà. Ó mú okùn tẹ́ẹ́rẹ́ kan bíi ti ìwọ̀ ẹja, ó ní kí n di ojú, kí n sọ fún òun nígbàkígbà tí ó bá kàn mí lẹ́sẹ̀. Mo di ojú. Mo dúró títí.

"Ẹ lè bẹ̀rẹ̀, Dókítà."

"Mo ti parí, Bàbá."

Mo la ojú. Kò rẹ́rìn-ín mọ́. Ó ti tẹ̀ síwájú, ó ń ya ọmọ ìka mi tó kéré jù lọ sọ́tọ̀. Ó béèrè pé ìgbà wo ni mo ti ní egbò yìí. Mo ní egbò wo? Ó gbé dígí kékeré kan sábẹ́ ẹsẹ̀ mi, mo sì rí i: ihò kan báyìí, ó tutù, ó ti ń ṣọyún. N ò mọ ìgbà tí nǹkan gún mi. Ẹsẹ̀ tó ń jó mi lójoojúmọ́, kò lè mọ̀ pé òun ti ní egbò.

"Ká ní ẹ dúró di oṣù méjì tí ẹ máa ń wá," dókítà bẹ̀rẹ̀, kò sì parí rẹ̀. Ó dìde lọ mú òwú.

Mo rántí ọkùnrin kan ní Ìwó Road tó ń ta káàdì fóònù lórí àga ẹlẹ́sẹ̀ táyà, tí mo máa ń rà lọ́wọ́ rẹ̀. Ṣúgà ló jẹ ẹsẹ̀ rẹ̀. Ẹ̀rù bà mí gidigidi. Mo bú sẹ́kún níwájú ọmọ tí mo lè bí. Kì í ṣe nítorí egbò ni mo wá síbẹ̀, n ò tilẹ̀ mọ̀ pé ó wà. Igbó ni mo wá béèrè, bí ìtìjú bá sì ti rí mi mú lẹ́nu ọ̀nà yẹn, màá ti padà sílé.

Ó wẹ egbò náà, ó dì í, ó yí oògùn mi padà sí ti iṣan, ó ní kí n máa wá fọ egbò náà lọ́jọ́ kan sí èkejì. Ó ní mo gbọ́dọ̀ máa wo abẹ́ ẹsẹ̀ mi láràárọ̀ bí mo ṣe ń wo ojú mi nínú dígí. Ó kọ ìwé sí dókítà mìíràn tó máa wo orúnkún Bàbá. Bí a ṣe jáde sí yàrá ìdúró, gbogbo ojú yí sí wa. Alhaja dìde. "Kí ni wọ́n sọ?"

Bàbá gbé ọ̀pá wọn sílẹ̀ gbọn-in, bí ẹni tó fẹ́ ka ìkéde. "Wọ́n ní rárá," wọ́n ní. "Ṣùgbọ́n tí ẹ bá wọlé, ẹ sọ ibi tó ń dùn yín. Ẹ má sọ a dúpẹ́."

Ó gbà mí tó oṣù kan àbọ̀ kí egbò náà tó jinná. Iná ẹsẹ̀ mi kò kú pátápátá, ó kàn rọlẹ̀, ṣùgbọ́n mò ń sùn, mo sì ń tẹ ẹ̀rọ mi látàárọ̀ di ìrọ̀lẹ́. Bàbá Alága ti ń kúnlẹ̀, àmọ́ ẹni méjì ló ń gbé wọn dìde. Ní ti ìtìjú, mo ti wá rí i pé kì í pa ẹni tó bá gbé e síta. Ẹni tó bá gbé e pamọ́ sára ló ń jẹ. Bí dókítà bá bi yín pé ara ńkọ́, ẹ̀yin èèyàn mi, kò kí yín o. Iṣẹ́ ló ń ṣe. Ẹ dá a lóhùn.

Mo mọ̀ pé ẹ ó béèrè bóyá ọ̀rọ̀ náà tàn kálẹ̀. Ìròyìn kì í pẹ́ rìn láti Ring Road dé Agbowó. Kí ọ̀sẹ̀ kan tó pé, àwọn ọmọ yunifásítì ti fún mi lórúkọ. Tí wọ́n bá ń kọjá, wọ́n á na ọwọ́ sókè, wọ́n á ní, "Bàbá Igbó, ẹ kú iṣẹ́ o, sà." Ní àkọ́kọ́, inú bí mi. Ní báyìí, màá dìde nídìí ẹ̀rọ, màá bọ́ sí ẹnu ọ̀nà, màá fi ẹsẹ̀ mi méjèèjì dúró, màá sì dá wọn lóhùn pé, "Ẹ kú ìjáde."